Bí Eyínfúnjowó Ṣe Dé Orí Kọ̀ǹpútà

Gbogbo ẹni tó bá ti òkè òkun dé ló ní ìtàn òtútù lẹ́nu. Ẹ jẹ́ kí n fi òtútù sílẹ̀ fún wọn. Èmi, ohun tó kọ́kọ́ dààmú mi nígbà tí mo kúrò n'Ílọrin tí mo balẹ̀ sí Mánṣẹ́sítà ni ọ̀rọ̀ orúkọ. Àwọn èèyàn yìí a máa pe ara wọn lórúkọ gbàǹgbà. Ọmọ àná á pe ẹni tó lè bí bàbá rẹ̀ lórúkọ, bàbá arúgbó á sì dáhùn tẹ̀ríntẹ̀rín, kò ní bi í pé ta ló bí ọ.

Ilé tí wọ́n ti ń tọ́jú àwọn arúgbó ni mo ti ríṣẹ́. Lọ́jọ́ tí mo bẹ̀rẹ̀, wọ́n mú mi lọ sọ́dọ̀ ìyá kan tí irun orí rẹ̀ funfun báláú, mo sì kúnlẹ̀ láti kí i. Ó rò pé nǹkan mi ló já bọ́. Lòun náà bá tẹ̀ba, ó ń bá mi wá a lábẹ́ àga. Nígbà tí a ò rí nǹkan kan, ó bọ̀ mí lọ́wọ́, ó ní kí n máa pe òun ní Margaret. Mo ní ó dáa, Mà. Ó ní rárá, Margaret. Ẹnu mi kọ̀ jálẹ̀. Fún bí ọ̀sẹ̀ kan, bí mo bá fẹ́ bá a sọ̀rọ̀, ńṣe ni mo máa ń wúkọ́ títí yóò fi gbójú sókè. Ó tiẹ̀ sọ fún nọ́ọ̀sì pé kí wọ́n wá oògùn ikọ́ fún ọmọbìnrin yìí, kó má lọ kú sí wọn lọ́rùn.

Ìgbà yẹn ni mo rántí ìyá mi. Nílé wa, ìyàwó kì í dárúkọ ẹni tó bá nílé ọkọ. Ìbáà ṣe ọmọ ọwọ́ ni wọ́n gbé wá pàdé rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà lọ́jọ́ tó wọlé, ọkọ rẹ̀ ni, kò gbọdọ̀ fi ẹnu pe orúkọ rẹ̀ títí ayé. Ìyàwó á wo ojú, á wo ìrìn, á wo àwọ̀, á wá sọ olúwarẹ̀ lórúkọ tó dùn. Ẹni tó bá dúdú á di Adúmáadán, ẹni tó bá tẹ́ẹ́rẹ́ á di Ọ̀pẹ́lẹ́ńgẹ́, ẹni tó bá ti ń mú bírò kiri á di Akọ̀wé, ì báà má mọ̀ ju A, B, D lọ. Àwa ọmọ á gbọ́ ọ lẹ́nu ìyá wa, a ó máa pè é bẹ́ẹ̀, ó parí.

Ni mo bá sọ Margaret ní Onírun-òwú. Ó bi mí pé kí ni ìtumọ̀ rẹ̀, mo ṣàlàyé gbogbo rẹ̀ fún un, ó rẹ́rìn-ín títí eyín tó kì sẹ́nu fẹ́rẹ̀ẹ́ bọ́. Kí ilẹ̀ tó mọ́, ó ti ròyìn kiri. Bàbá tó wà ní yàrá kejì ránṣẹ́ pè mí pé òun dà, ṣé òun ò ní ojú ni. Kí oṣù tó parí, mo ti sọ gbogbo ilé lórúkọ, èmi ìyàwó tuntun ilé àwọn arúgbó. Ọ̀gá wa obìnrin pè mí sí ọ́fíìsì, ó ní orúkọ tó wà nínú fáìlì ni kí n máa kọ sílẹ̀ tí mo bá ń kọ ìròyìn iṣẹ́. Mo ní kò séwu. Nínú fáìlì, kí wọ́n máa jẹ́ orúkọ ìjọba. Lẹ́nu mi, wọ́n ń jẹ́ tèmi.

Ṣùgbọ́n bí mo bá ti bọ́ aṣọ iṣẹ́, tí mo padà sí yàrá mi, ẹ̀rín á tán. Ọjọ́ Àìkú ló burú jù. Gbogbo ṣọ́ọ̀bù á tì, àdúgbò á pa lọ́lọ́, n ó jókòó ti fèrèsé, n ó máa ka mọ́tò. N'Ílọrin, kí n tó rìn láti Challenge dé ilé wa, ó kéré tán, èèyàn mẹ́wàá á ti bi mí pé ìyá mi ńkọ́. Inú máa ń bí mi nígbà náà. N ó ní àwọn èèyàn yìí ti ń yọjú sọ́rọ̀ ẹni jù. Ẹ wá wò mí ní Mánṣẹ́sítà, mò ń wá ẹni tí yóò yọjú sọ́rọ̀ mi. Orúkọ mi gan-an, wọ́n ti gé e kúrú, wọ́n ní ó gùn jù fún àwọn. Kò sẹ́ni tó mọ ọmọ ẹni tí mo jẹ́ níbẹ̀. Ìyẹn dùn mí ju òtútù lọ, wàláhì.

Nǹkan tó ń gbé mi ró ni tẹlifóònù. Gbogbo Sátidé àkọ́kọ́ nínú oṣù, ìyá mi á wọ bọ́ọ̀sì lọ sí ilé ìtẹlifóònù kan ní Challenge, á jókòó sórí bẹ́ńṣì, á máa retí mi. Bí mo bá ti pè, á kọ́kọ́ kígbe bí ẹni pé ojú òpópó lòun ti rí mi. Á bi mí pé kí ni mo jẹ, ṣé mò ń kírun, ṣé mo ti sanra. N ó ní mo ti sanra, irọ́ ni. Òun náà á ní gbogbo ara òun dá ṣáṣá, irọ́ nìyẹn náà. Inú àwa méjèèjì á dùn, a ó dágbére.

Báyìí la wà títí íńtánẹ́ẹ̀tì fi dé. Bó tilẹ̀ jẹ́ pé kò sẹ́ni tó ń lò ó ládùúgbò wa, ilé ìkàwé tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi iṣẹ́ mi gbé kọ̀ǹpútà kalẹ̀, wọ́n ní ẹni tó bá wù ú kó wá lò ó lọ́fẹ̀ẹ́. Ṣé ẹ mọ̀ pé ọ̀fẹ́ ni wọ́n sọ, tíṣà sì ni mí kí n tó dé ìlú wọn. Mo di ará ibẹ̀. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ tí mo tẹ̀ sínú rẹ̀ ni Ìlọrin. Ó ronú, ó ronú, ó wá gbé Ìlọrin jáde. Mo fò dìde lórí àga, gbogbo ilé ìkàwé yíjú wò mí.

Àwọn kan ló ń kọ ìwé ìmọ̀ ńlá kan sórí íńtánẹ́ẹ̀tì, wọ́n ní ẹnikẹ́ni tó bá mọ nǹkan lè fi ránṣẹ́, àwọn alábòójútó á yẹ̀ ẹ́ wò. Nínú rẹ̀ ni mo ti rí ojú ewé kékeré kan tí wọ́n fi kọ nípa kọ́lẹ́ẹ̀jì wa, ibi tí wọ́n ti kọ́ àwa obìnrin ní iṣẹ́ tíṣà kí wọ́n tó tì í. Mo ka ọ̀rọ̀ náà dé ìsàlẹ̀, níbi tí wọ́n kọ ọ́ sí pé àwọn gbajúmọ̀ tó jáde níbẹ̀ nìyí. Ẹnì kan ṣoṣo ni wọ́n kọ. Ọkùnrin ni. Akànṣẹ́ ni.

Ẹ gbọ́ mi dáadáa: kọ́lẹ́ẹ̀jì obìnrin, ọkùnrin tó ń kan ẹ̀ṣẹ́ ni gbajúmọ̀ ibẹ̀. Mo rẹ́rìn-ín títí, lẹ́yìn náà inú bẹ̀rẹ̀ sí í bí mi. Lójú ẹsẹ̀ ni mo kọ lẹ́tà sí alábòójútó ojú ewé náà. Ó dá mi lóhùn lọ́jọ́ kejì. Òṣìṣẹ́ ilé ìkàwé tó ti fẹ̀yìn tì ni, pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ ló máa ń kọ̀wé, ṣùgbọ́n gbogbo lẹ́tà rẹ̀ ló máa ń béèrè pé ẹ̀rí dà. Ni mo bá sọ ọ́ ní Baba Ẹ̀rí-dà. Ó bẹ̀ mí fún ti akànṣẹ́, ó yọ ọ́. Ṣùgbọ́n ó ní bó bá di ìparí oṣù tó ń bọ̀ tí kò sí ẹyọ obìnrin kan tó ní ẹ̀rí, òun máa pa gbogbo apá ibẹ̀ rẹ́. Gbólóhùn kan ṣoṣo ni yóò kù nípa kọ́lẹ́ẹ̀jì wa, pé ó wà rí, wọ́n sì tì í.

N kò lè gbà. Bí wọ́n bá kọ ọ́ pé kò sí ẹnikẹ́ni tó tibẹ̀ jáde, èmi tí mo tibẹ̀ jáde ńkọ́? Ta wá ni mí ní ìlú tí mo wà yìí? Mo mọ ẹni tí mo máa fi síbẹ̀. Eyínfúnjowó ni.

Àbúrò bàbá mi ni. Ọmọdébìnrin tó ń rẹ́rìn-ín ṣáá ni ìyá mi bá nílé nígbà tó wọlé ọkọ, eyín rẹ̀ funfun kin-in, ni ìyá mi bá sọ ọ́ ní Eyínfúnjowó. Òun ni ọmọbìnrin àkọ́kọ́ tó lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì láti ilé wa. Nígbà tó ṣe tán, tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń wá bí wọ́n ṣe máa ṣiṣẹ́ nítòsí GRA, abúlé kan lẹ́yìn Malete ló gbà lọ, láàárín àwọn àgbẹ̀. Àwọn bàbá ibẹ̀ ní bí ọmọbìnrin bá lọ síléèwé, ta ni yóò bá àwọn fa ẹ̀pà tu. Kò bá wọn jiyàn. Òun fúnra rẹ̀ ló ń lọ sóko wọn láàárọ̀, tó ń bá wọn fa ẹ̀pà, tó ń bá wọn da ewúrẹ́, tó bá di ọ̀sán, á ní òun ti ṣe iṣẹ́ ọmọ yín o, ẹ yọ̀ǹda rẹ̀ fún mi. Ojú tì wọ́n, wọ́n ń yọ̀ǹda àwọn ọmọbìnrin náà. Lábẹ́ igi ló ti ń kọ́ wọn títí ìjọba fi wá kọ́ ilé síbẹ̀. Níbẹ̀ ló lọ́kọ sí, níbẹ̀ náà ló sì wà di òní.

Mo kọ gbogbo rẹ̀ ránṣẹ́ sí Baba Ẹ̀rí-dà, mo tẹ orúkọ rẹ̀ gàdàgbà: Eyínfúnjowó. Inú mi dùn débi pé mo ra àkàrà òyìnbó lọ fún Onírun-òwú.

Èsì dé. Baba ti rí ìròyìn kan tí ọ̀gá ẹ̀kọ́ kan kọ láyé ọjọ́un nípa iléèwé abẹ́ igi náà. Gbogbo ohun tí mo sọ ló wà níbẹ̀, àfi pé "olùkọ́ obìnrin kan" ni wọ́n pè é. Ó tún ti rí ìwé tí ìjọba tẹ orúkọ gbogbo àwọn tó gba ìwé ẹ̀rí tíṣà sí. Kò rí Eyínfúnjowó níbẹ̀. Mo fi orúkọ ìdílé wa ránṣẹ́, ó ní àwọn tó ń jẹ́ ẹ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì wa pọ̀ nínú ìwé náà, èwo ni tiwa nínú wọn? Kí ni orúkọ rẹ̀ gan-an?

Mo gbé ọwọ́ sórí bọ́tìnnì láti dáhùn, n kò mọ̀ ọ́n. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Àǹtí Eyínfún ni mò ń pè é láti kékeré. Ní abúlé, Ìyá Tíṣà ni. Bàbá mi tí ìbá máa pè é lórúkọ ti kú kí n tó mọ ọwọ́ ọ̀tún yàtọ̀ sí òsì, àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ yòókù sì ti lọ. Àwọn ọkùnrin tó kù nílé, ẹ̀yìn rẹ̀ ni wọ́n bí gbogbo wọn, Àǹtí làwọn náà ń pè é.

Nígbà tó di Sátidé, mo béèrè orúkọ Àǹtí lọ́wọ́ ìyá mi. Ó ní kí n tún un sọ, mo tún un sọ.

"Ṣé kí èmi dárúkọ ọkọ mi ní Challenge?"

Mo ní orúkọ lásán ni, Ìyá mi, òyìnbó ló ń béèrè. Ó ní òyìnbó kọ́ ló fẹ́ òun. Mo ní kó ránṣẹ́ lọ bi Àǹtí fúnra rẹ̀. Inú bí i sí ìyẹn jù. Ó ní ta ni yóò dúró níwájú àgbàlagbà tí yóò bi í pé kí ni wọ́n ń pè ọ́, ṣé kó lè rò pé ilé ti gbàgbé òun ni? Mo bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún sínú fóònù. Mo sọ fún un pé bí oṣù bá parí, wọ́n máa pa wá rẹ́, wọ́n máa kọ ọ́ fún gbogbo ayé pé kò sí ẹnì kankan tó tibẹ̀ jáde. Ó gbọ́ ẹkún mi, ó rọ̀. Ó ní kí n pe òun padà ní Sátidé tó kàn, òun máa kó àwọn tó mọ̀ ọ́n dání.

Ọ̀sẹ̀ náà kò yá. Mo pè, ariwo ni mo kọ́kọ́ gbọ́. Ìyá mi ti kó wọn dé lóòótọ́. Ìyàwó ilé ni gbogbo wọn. Gbogbo àgbà ìyàwó ilé wa ló wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Challenge, wọ́n kún ilé ìtẹlifóònù fọ́fọ́, kò sì sí ẹyọ kan nínú wọn tó lè dá orúkọ náà. Ìyá mi ò tilẹ̀ ro ìyẹn. Àwọn tó mọ̀ ọ́n ni mo ní kó mú wá, àwọn tó mọ̀ ọ́n náà ló mú wá.

Mo ń rẹ́rìn-ín, mo ń sunkún, káàdì tẹlifóònù mi ń jẹ lọ. Ni ọ̀kan nínú wọn bá gba fóònù, ó ní kí n fetí sílẹ̀, àwọn ò ní dárúkọ, ṣùgbọ́n àwọn lè júwe. Ó ní ta ni Ọlọ́run kọ́kọ́ dá? Mo ní Ànábì Àdámọ̀. Ó ní ó ṣeun. Ṣé òun nìkan ló dá gbé ni? Mo ní rárá, ó níyàwó. Ni gbogbo wọn bá ń pariwo lẹ́yìn rẹ̀ pé ìyá gbogbo wa, ìyá èmi, ìyá ìwọ, ìyá òyìnbó tó ń béèrè.

"Àwáwù," mo ní.

Ìyá mi gba fóònù. Ó ní, "Àwa ò sọ nǹkan kan o. Ìwọ lo sọ ọ́." Lẹ́yìn náà ni ẹ̀rín bú jáde ní Challenge, mo sì gbọ́ tí obìnrin tó ni ilé ìtẹlifóònù náà ń bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má fọ́ bẹ́ńṣì òun.

Mo sáré lọ sílé ìkàwé láìwọ kóòtù. Baba Ẹ̀rí-dà wo ìwé rẹ̀, ó rí Àwáwù, ó rí orúkọ ìdílé wa, ó rí orúkọ kọ́lẹ́ẹ̀jì wa lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó kọ ọ́ sójú ewé náà kí oṣù tó parí. Ó tún bi mí bóyá òun lè fi kún un pé Eyínfúnjowó làwọn ìyàwó ilé rẹ̀ ń pè é, ó ní ìyẹn kò nílò ẹ̀rí. Mo tẹ ojú ewé náà sórí bébà, mo mú un lọ síbi iṣẹ́, mo kà á sí Onírun-òwú létí. Ó ní, "Ẹbí rẹ nìyẹn?" Mo ní ẹbí mi ni. Mo rìn káàkiri ilé yẹn lọ́jọ́ náà bí ọmọ ọba. Ní ìlú tí wọ́n ti gé orúkọ mi kúrú, wọ́n ti tẹ tiwa sílẹ̀ ní kíkún.

Sátidé tó tẹ̀ lé e, nígbà tí mo pe ìlà ilé ìtẹlifóònù náà, kì í ṣe ohùn ìyá mi ló dáhùn. Ohùn tó ti rẹ̀ díẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ẹ̀rín wà nínú rẹ̀. Wọ́n ti lọ mú Àǹtí wá láti abúlé. Mo kúnlẹ̀ sórí kápẹ́ẹ̀tì nínú yàrá mi. Ó gbàdúrà fún mi títí, mo ń ṣe àmín. Lẹ́yìn náà ló ní òun gbọ́ pé mo ti kọ òun síbì kan tí gbogbo ayé ti lè kà á. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, Àǹtí mi. Ó bi mí pé orúkọ wo ni mo kọ.

Mo ní orúkọ yín ni. Ó ní èwo nínú rẹ̀. Mo ní èyí tí ẹ jẹ́ ní kọ́lẹ́ẹ̀jì. Mo ń gbọ́ mọ́tò tó ń kọjá níta lọ́dọ̀ wọn.

"Pè é kí n gbọ́."

Mo ní háà, Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, èmi ọmọ yín, báwo ni mo ṣe máa pè yín lórúkọ?

Ó ní, "Láti ìgbà tí bàbá rẹ ti kú, kò sẹ́ni tó pè é sí mi létí mọ́. Àwọn ìyàwó ò lè pè é. Àwọn ọmọ ò mọ̀ ọ́n. Pè é, ọmọ mi. Mo fẹ́ gbọ́ ọ."

Mo di fóònù mú pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì. Mo pè é, Àwáwù, mo sì fi orúkọ ìdílé wa tì í lẹ́yìn, bí tíṣà ṣe ń pe orúkọ nínú kíláàsì.

Ìyá Tíṣà dáhùn lójú ẹsẹ̀, ohùn rẹ̀ lọ sókè bíi ti ọmọdébìnrin. Ó ní, "Mo wà níbí, Mà."